Fíìmù àwọn alábàárù Ìdúmọ̀tà: ṣé èèyàn lè fi dọkumẹ́ńtárì jẹun l'Ékòó?

Ọmọ Ọ̀yìngbò

Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Fídíò òde àríyá ni iṣẹ́ mi. Ìgbéyàwó, ìsìnkú, ìkómọ, ibikíbi tí wọ́n bá ti ń náwó láti Ẹ̀bùtè Mẹ́ta títí dé Ìkòròdú, ẹ máa bá mi níbẹ̀. Owó ń wọlé níwọ̀nba, àmọ́ ọkàn mi ti kúrò níbẹ̀. Láti ọdún tó kọjá ni mo ti ń tẹ̀ lé àwọn ìyá mẹ́ta kan tó ń ṣe alábàárù láàárín Ìdúmọ̀tà, Balógun àti Òkè Arín. Dọkumẹ́ńtárì ni mo fẹ́ fi ṣe o, kì í ṣe skit, kì í ṣe fíìmù àgbéléwò. Kò sẹ́ni tó bẹ̀ mí níṣẹ́, kò sì sẹ́ni tó fún mi ní kọ́bọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ nípa òṣùká ọ̀kan nínú wọn. Ìró àǹkárá tó ti ṣá ló ká mọ́ra, ó wé e yí ìrépé fóòmù kan ká, ó wá fi okùn àpò ìrẹsì dì í pinpin. Bó ṣe ń bá mi sọ̀rọ̀ ló ń wé e, kò wo ọwọ́ ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ó ní tí wọ́n bá ti gbé páálí tòmátò alágolo lé òun lórí, òun á ti mọ̀ bóyá ẹrù náà jókòó dáadáa kí òun tó gbé ẹsẹ̀. Tí kò bá jókòó, òun á ní kí wọ́n sọ̀ ọ́, ẹni tó ni ẹrù ì báà máa pariwo.

Ohun tí mo fẹ́ bi yín rèé. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti pẹ́ nídìí iṣẹ́ yìí, kí lẹ ń jẹ? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi ọ̀rọ̀ dídùn tàn mí. Ìkejì: ìyá olóṣùká yìí bi mí léèrè pé, "Bí mo ṣe dúró tì ẹ́ yìí, ẹrù méjì ti kọjá lọ. Ta ló máa san án?" Mi ò rí nǹkan kan sọ. Àwọn tó kọ́ wa níṣẹ́ ní ẹni tó ń ṣe dọkumẹ́ńtárì kì í sanwó fún ẹni tó ń yà. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

Jẹ́ńgẹ́n

Ẹ rọra gbà á nímọ̀ràn o. Òun ló máa ya ìgbéyàwó àbúrò mi ní Sátidé, ó sì ti gba àsansílẹ̀.

Kámẹ́rà Yábà

Àbúrò, káàbọ̀. Mo ti wà nídìí iṣẹ́ yìí kí ọkọ̀ BRT tó dé ní 2008, nígbà tí mólúè ṣì ń kó èèyàn bí ẹní kó iṣu láti Ọ̀ṣódì wá sí CMS. Mi ò tíì rí ẹnì kan l'Ékòó tó ń fi dọkumẹ́ńtárì tara rẹ̀ nìkan jẹun. Gbogbo wa la ní iṣẹ́ tó ń bọ́ iṣẹ́. Èmi ń ya fídíò fún àwọn àjọ aláàánú: kànga tí wọ́n gbẹ́, abẹ́rẹ́ àjẹsára, ilé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kùn lọ́dà. Ẹlòmíì ń ṣe ti báǹkì, ẹlòmíì ń ṣe ti ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn kan ń ṣe fíksà fún àwọn oníròyìn òkè òkun: ìwọ lo máa wá mọ́tò, ìwọ lo máa bá baálẹ̀ sọ̀rọ̀, ìwọ lo máa mọ ojú pópó tí ẹ ò gbọ́dọ̀ gbé kámẹ́rà gbà lẹ́yìn aago méje alẹ́. Owó fíksà máa ń nítumọ̀, àmọ́ kì í dé lóòrèkóòrè.

Má fi òde àríyá sílẹ̀. Ibẹ̀ lo ti kọ́ iṣẹ́ yìí láìmọ̀. Tí ìyá ìyàwó bá ti ná owó lé ọmọ rẹ̀ lórí, tí o ò rí i yà, ṣé wàá ní kó tún un ná ni? Bẹ́ẹ̀ náà ni ọjà.

Ní ti owó òkè òkun, ó wà. Àpò owó IDFA Bertha Fund ní Amsterdam máa ń ran àwọn oní-dọkumẹ́ńtárì ilẹ̀ wa lọ́wọ́. Hot Docs, àjọ̀dún dọkumẹ́ńtárì ní Toronto, ní àpò owó Blue Ice, ti àwa ọmọ Áfíríkà nìkan nìyẹn. Durban FilmMart ní South Africa máa ń jẹ́ kí èèyàn gbé iṣẹ́ tí kò tíì parí síwájú àwọn olówó. Ohun tí wọ́n máa bi ẹ́ kọ́ ni irú kámẹ́rà tí o ní. Wọ́n á fẹ́ mọ ohun tó so ìwọ àti ìtàn náà pọ̀, kí ló máa ṣẹlẹ̀ nínú fíìmù náà, ṣé àwọn tó ò ń yà gbà ẹ́ láyè. Wọ́n á ní kó o kọ ọ́ sílẹ̀, kó o ṣírò owó rẹ̀, kó o fi fídíò ìṣẹ́jú mélòó kan tì í. Kí o tó gbọ́ bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́, oṣù á ti gorí oṣù. Ilé tí o yá gbé kò ní dúró dè wọ́n, torí náà máa ya àríyá rẹ lọ.

Tí o ò bá tíì lọ sí iREP, àjọ̀dún dọkumẹ́ńtárì Èkó, rí, lọ. Fẹ́mi Odùgbẹ̀mí àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló dá a sílẹ̀, Freedom Park ní Broad Street ni wọ́n ti máa ń ṣe é, níbi tó jẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n láyé òyìnbó. Dọkumẹ́ńtárì nìkan ni wọ́n ń fi hàn níbẹ̀. Odùgbẹ̀mí kan náà ló ṣe Bariga Boy, lórí ọ̀gbẹ́ni Ṣẹ́gun Adéfilá oníjó àti àdúgbò rẹ̀. Kò ní òun máa fi fíìmù kan sọ gbogbo Èkó tán. Ìyá mẹ́ta tìẹ náà ti tó, má fi ìkẹrin kún un.

Ìyá Alágolo

Ẹ kú ìjókòó o. Ọmọ mi ló ní kí n wá wo ohun tí wọ́n ń sọ nípa ọjà wa. Mo ń ta wàrà àti tòmátò alágolo l'Òkè Arín. Èmi ò mọ̀ nípa fíìmù, alábàárù ni mo mọ̀. Àwọn ló ń gbé ọjà mi lójoojúmọ́ ayé. Òmíì wá láti Ṣakí, òmíì láti Ìlọrin, àwọn ará Kútọnù wà níbẹ̀, Hausa wà níbẹ̀. Òmíì ń sùn síwájú ṣọ́ọ̀bù tá a bá ti tì í lálẹ́, wọ́n á fún ọdẹ ní nǹkan. Owó tí wọ́n bá rí lójúmọ́, ọwọ́ alájọ ni wọ́n ń kó o sí, nítorí pé ẹni tó ń sùn síta kì í tọ́jú owó sára.

Ẹ̀yin oníkámẹ́rà, mo ti rí yín rí. Ẹ ó wá, ẹ ó ti kámẹ́rà bọ èèyàn lójú níbi tó ti ń làágùn, ẹ ó gbé e lọ sílùú òyìnbó lọ gba àmì ẹ̀yẹ. Ìyá tẹ́ ẹ yà ṣì wà lábẹ́ ẹrù. Ọmọkùnrin, sanwó fún un! Ta ló ń ṣiṣẹ́ ọ̀fẹ́ l'Ékòó?

Àti pé, ṣé o ti lọ rí ìyálọ́jà? Ṣé o mọ olórí àwọn alábàárù? Tí o bá ń gba ẹ̀yìnkùlé wọ ọjà, ọjọ́ tí àwọn ọmọ àdúgbò bá gba kámẹ́rà yẹn lọ́wọ́ ẹ, má pè mí.

Ọmọ Ọ̀yìngbò

Ẹ ṣé, mà. Mo ti rí ìyálọ́jà. Mo gbé ọtí ẹlẹ́rìndòdò àti bisikíìtì lọ, wọ́n gbàdúrà fún mi. Olórí alábàárù ni kò tíì fọkàn tán mi. Ó rò pé àwọn ìjọba ìbílẹ̀ ló rán mi wá ka àwọn èèyàn òun.

Kékeré Ìsàlẹ̀ Èkó

Pẹ̀lú ọ̀wọ̀ fún ìyá wa, ẹ jẹ́ kí n ta kò wọ́n díẹ̀. Owó máa ń ba ọ̀rọ̀ jẹ́. Mo ya ọkùnrin ọlọ́kọ̀ ojú omi kan ní Ẹ̀bùtè Ẹ̀rọ̀ nígbà kan, mo fún un lówó lójú àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò tíì mọ́ dáadáa tí àwọn ọkùnrin fi tò síwájú mi, kálukú pẹ̀lú ìtàn tiẹ̀. Ọ̀kan ní ọkọ̀ òun ti rì rí, òmíì ní tòun rì ju ti ẹni àkọ́kọ́ lọ. Èwo ni n óò gbà gbọ́?

Ohun kejì: ẹ rántí fíìmù alápá mẹ́ta tí BBC ṣe nípa Èkó ní 2010, tí wọ́n pè ní Welcome to Lagos. Ààtàn àti Mákòkó ni wọ́n lọ. Wọlé Ṣóyínká bá wọn wí, ìjọba Nàìjíríà náà fi ẹ̀hónú hàn. Àwọn kan láàárín wa fẹ́ràn rẹ̀ torí pé àwọn tó wà nínú rẹ̀ mọṣẹ́, wọ́n sì lẹ́nu ọ̀rọ̀. Èmi wà láàárín. Tí òṣìṣẹ́ ọjà bá wà nínú fíìmù rẹ, jẹ́ ká rí i níbi tó ti ń rẹ́rìn-ín, níbi tó ti ń ná gèlè, níbi tó ti ń bá ẹni tó jẹ ẹ́ lówó jà. Tó bá jẹ́ òógùn nìkan la rí, o ti lọ ya ohun tí òyìnbó ti mọ̀ tẹ́lẹ̀.

Ìyá Alágolo

Kékeré, o sọ̀rọ̀ gidi níbi gèlè yẹn. Àmọ́ ẹni tó fẹ́ purọ́ fún ẹ, o sanwó o, o ò sanwó o, á pa á.

Kámẹ́rà Yábà

Ẹ̀yin méjèèjì lẹ jàre, àmọ́ nǹkan méjì lẹ ń sọ. Kí èèyàn fi owó ra ọ̀rọ̀ lẹ́nu ẹni yàtọ̀ sí kó san owó iṣẹ́ tí onítọ̀hún pàdánù nítorí tiẹ̀. Bí mo ṣe ń ṣe é rèé: kí kámẹ́rà tó jáde la ti máa fẹnu kò. Iye tí yóò pàdánù láàárín wákàtí tí mo bá gbà lọ́wọ́ rẹ̀ ni mo ń san, mi ò fi nǹkan kan lé e. Ó sọ̀rọ̀ o, kò sọ̀rọ̀ o, iye kan náà ni. Tó bá sọ ìtàn tó pa mí lẹ́kún, mi ò ní tọwọ́ bọ àpò lọ́jọ́ yẹn, nítorí pé tí mo bá ṣe bẹ́ẹ̀, mo ti kọ́ ọ pé ẹkún lówó lórí. Mo sì máa ń kọ owó náà sínú ìṣirò tí mò ń fi ránṣẹ́ sí àwọn tó ń fún wa lówó. Kò sí èyí tó bá mi jà rí nítorí rẹ̀.

Òfin "a kì í sanwó" yẹn, àwọn oníròyìn ilé iṣẹ́ ńláńlá ló ṣe é fún ara wọn, wọ́n ń gba owó oṣù. Ìyá yìí kì í gba owó oṣù.

Etí Gbọ́

Ẹ ti gbàgbé ohùn. Gbogbo yín lẹ máa ń gbàgbé ohùn, ẹ ó wá máa pè mí lọ́gànjọ́ nígbà tẹ́ ẹ bá dé ìdí ẹ́díìtì.

Ọmọ Ọ̀yìngbò, Ìdúmọ̀tà ni o ń lọ o. Jẹnẹrétọ̀, fèrè ọkọ̀, oníwàásù, ẹni tó ń fi gbohùngbohùn polówó oògùn jẹ̀díjẹ̀dí, gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Máìkì orí kámẹ́rà kò lè bá ẹ ṣe é. Máìkì kékeré ni kó o rà, kó o so mọ́ ọrùn bùbá láti inú, má fi sára ìborùn torí pé ìborùn máa ń rìn. Alábàárù máa ń làágùn gan-an, òógùn sì ń pa máìkì. Fi nylon tín-ínrín wé ẹ̀yìn ẹ̀rọ tó ń gba ohùn, kó o wá so ó mọ́ ìdí ìró lọ́wọ́ ẹ̀yìn, kì í ṣe ẹ̀gbẹ́, nítorí pé ẹ̀gbẹ́ ni ọwọ́ wọn ń gbá tí wọ́n bá ń rìn wọ̀ọ̀wọ̀ọ̀ lábẹ́ ẹrù. Jẹ́ kí obìnrin so ó fún wọn. Tí o bá mú un dáadáa, wàá gbọ́ èémí wọn bí wọ́n ṣe ń gun àtẹ̀gùn ilé alájà, wàá gbọ́ "àgò lọ́nà o, àgò o" tí wọ́n ń ké láti fi la èrò. Ohùn yẹn ni fíìmù rẹ. Àwòrán lè gbọ̀n díẹ̀, kò sẹ́ni tó máa bínú.

Kó o tó kúrò lójú kan, dúró jẹ́ẹ́, gba ariwo ibẹ̀ lásán fún ìṣẹ́jú kan. Tí o bá fẹ́ gé ọ̀rọ̀ ẹnì kan pọ̀ mọ́ òmíì, ohun tí wàá fi lẹ̀ ẹ́ nìyẹn.

Lọ́yà Àdúgbò

Ẹ jẹ́ kí n yára fi tèmi sí i. Orin tó bá ń dún láti ṣọ́ọ̀bù olórin lẹ́yìn ẹni tó ń sọ̀rọ̀, ẹnì kan ló ni ín, Copyright Act ti 2022 sì wà. Tó bá dún ketekete nínú fíìmù rẹ, àwọn àjọ̀dún fíìmù àti iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n máa béèrè ìwé àṣẹ. Rìn kúrò nítòsí rẹ̀ kó o tó bẹ̀rẹ̀ sí í bi ìbéèrè.

Drone: ọ́fíìsì agbaninímọ̀ràn ààbò orílẹ̀-èdè àti NCAA, àjọ tó ń bójú tó ọkọ̀ òfúrufú, ló ń fúnni láṣẹ. Má gbé e gba orí afárá tàbí Marina torí pé ó wù ẹ́.

Fíìmù tó o bá fẹ́ fi han gbogbo èèyàn ní láti gba ọ̀dọ̀ NFVCB, àjọ ìjọba tó ń yẹ fíìmù wò, òfin 1993 ló gbé wọn kalẹ̀. Ní 2013 wọ́n kọ̀ láti fọwọ́ sí Fuelling Poverty, dọkumẹ́ńtárì tí Ishaya Bako ṣe nípa owó ìrànwọ́ epo àti ìwọ́de January 2012. Wọ́n ní ó lè ru ìlú sókè. Ó ti wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì nígbà náà, kíkọ̀ yẹn ló jẹ́ kí àwọn tí kò gbọ́ ọ rí lọ wá a.

Ìyọ̀ǹda: má gbé ìwé Gẹ̀ẹ́sì fún ìyá tí kò mọ̀ ọ́n kà pé kó tẹ̀ka. Ya á níbi tó ti ń fi ẹnu ara rẹ̀ sọ lédè rẹ̀ pé òun gbà, pé òun mọ ibi tó lè dé, pé òun mọ ẹni tí òun lè pè tí ọkàn òun bá yí padà. Nígbà tó o bá ń ẹ́díìtì, tún pè é. Ẹni tó gbà lọ́dún tó kọjá lè ti fọ́mọ fọ́kọ báyìí, kó má fẹ́ kí àna rí òun lábẹ́ ẹrù.

Fíksà Tẹ́lẹ̀

Ọ̀rọ̀ ìwé yẹn kan èmi náà. Ẹgbẹ́ kan wá láti òkè òkun, mi ò ní dárúkọ wọn. Wọ́n gbà mí fún fíksà. Nígbà tí òjò dá wọn dúró sí hòtẹ́ẹ̀lì, wọ́n ní kí n bá wọn lọ ya Ọbáléńdé lálẹ́. Mo yà á, ó dáa. Orúkọ mi ò sí níbẹ̀ nígbà tó jáde, owó fíksà ni mo sì gbà. Ìwé tí mo fọwọ́ sí sọ pé ohunkóhun tí mo bá ṣe lásìkò iṣẹ́ jẹ́ tiwọn. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, tí wọ́n bá ti ní kẹ́ ẹ gbé kámẹ́rà, ẹ dúró kẹ́ ẹ tún iye sọ.

Àgbà Lafíàjì

Mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín láti àárọ̀. Gbogbo yín ń sọ nípa owó àti òfin. Èmi fẹ́ bi ọmọ yìí bóyá ó ń kọ déètì àti orúkọ òpópónà sí ohun tó ń yà.

Ilojo Bar ní Tinúbú Square, ilé tí àwọn Àgùdà, àwọn èèyàn wa tó padà bọ̀ láti Brazil, kọ́ ní 1855, tí ìjọba ti kéde rẹ̀ bí ohun àjogúnbá ní 1956, wọ́n wó o lulẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án 2016. Fọ́tò rẹ̀ pọ̀. Ẹ wá ohùn ẹni tó ń tajà níwájú rẹ̀ fún mi. Màrókò, àdúgbò tí ìjọba wó, lọ ní 1990. Lára Balógun jóná ní oṣù kọkànlá 2019, tí alábàárù dúró láìrí ẹrù gbé. Ta ló yà wọ́n lọ́jọ́ yẹn? Fóònù ló ya iná.

Ẹ sì tọ́jú ohun tẹ́ ẹ bá yà. Shaihu Umar, fíìmù Adamu Halilu ti 1976, gbogbo èèyàn rò pé ó ti sọnù pátápátá. Ilẹ̀ Jámánì ni wọ́n ti tún un ṣe kó tó padà síta ní Berlin ní 2018. Iléeṣẹ́ ìjọba ló ni fíìmù yẹn o, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣègbé. Mélòó ni ti ọmọ tó kó gbogbo iṣẹ́ rẹ̀ sínú hard drive kan ṣoṣo lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì ní Ọ̀yìngbò? Ra ìkejì, gbé e sílé ẹlòmíì. Kì í ṣe ilé kejì ní àdúgbò kan náà, omi tó bá wọ ilé rẹ á wọ tọ̀hún.

Kékeré Ìsàlẹ̀ Èkó

Bàbá, ẹ mọ̀ pé hard drive ti gbówó lórí? Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ ọmọ náà.

Àgbà Lafíàjì

Owó ìgbéyàwó kan ni. Kó ya ìkan sí i.

Ọmọ Ọ̀yìngbò

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Mo ti lọ bá ìyá olóṣùká. Mo sọ fún un pé n óò máa san owó ẹrù tó bá kọjá rẹ̀ nítorí mi. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí n má fún òun lọ́wọ́. Ó ní tí àwọn yòókù bá rí i, wọ́n á ní òun ti tà wọ́n. Alájọ òun ni kí n máa fún, kó kọ ọ́ sínú káàdì òun bí ẹni pé òun ló dá a. Àwọn méjì tó kù gbà bẹ́ẹ̀ náà. Olórí alábàárù gbọ́ sí i, inú rẹ̀ rọ̀ díẹ̀: ó ní ẹni tó bá ń bá alájọ ṣe kì í ṣe ọmọ ìjọba.

Òde àríyá ń bá a lọ, Jẹ́ńgẹ́n, fọkàn balẹ̀. Mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ̀wé sí Blue Ice. Ẹ̀gbọ́n Yábà, tí n bá kọ ọ́ tán, ṣé ẹ lè bá mi wò ó?

Ó ku ìbéèrè kan. Mo fẹ́ kí àwọn ìyá náà rí i kí ẹnikẹ́ni tó rí i. Wọn ò ní wá sí Freedom Park, mo mọ̀. Ibo ni kí n ti fi hàn wọ́n?

Kámẹ́rà Yábà

Fi ránṣẹ́. Má jẹ́ kó ju ojú ìwé mẹ́ta lọ.

Ìyá Alágolo

Ìwájú ṣọ́ọ̀bù mi ni. Lọ́jọ́ Àìkú, tí ọjà bá ti dákẹ́, tí ilẹ̀ bá ti ṣú. Ògiri tó dojú kọ mí fẹ̀, funfun ni wọ́n kùn ún, àmọ́ kó o wá lọ nù ún. Wọ́n á jókòó lórí páálí, páálí pọ̀ lọ́wọ́ mi. Gbé jẹnẹrétọ̀ tìẹ wá, mi ò ní tan tèmi. Kó o tún wá ohun tí wọ́n máa fi panu, torí pé àwọn tó ti gbé ẹrù látàárọ̀ ò ní fi ebi wo fíìmù.

Etí Gbọ́

Má gbé jẹnẹrétọ̀ sún mọ́ wọn o. Fi wáyà gígùn fà á lọ sẹ́yìn ilé. Èmi ni màá gbé sípíkà wá.